Ìgbòkun Méjì Níwájú
Ẹ jẹ́ kí a wo Jolie Brise, ọkọ̀ tí wọ́n kàn ní Le Havre ní ọdún 1913 fún àwọn afinimọ̀nà tí ń pàdé ọkọ̀ ńlá lójú òkun. Cotre ni: òpó kan, ìgbòkun ńlá lẹ́yìn rẹ̀, méjì níwájú. Sloop náà ní òpó kan, ṣùgbọ́n ìgbòkun kan ṣoṣo ní iwájú. Okùn rẹ̀ kò pọ̀. Bí ìjì bá dé, atukọ̀ cotre a sọ ìgbòkun iwájú pátápátá kalẹ̀, èyí tó súnmọ́ òpó a sì máa fa ọkọ̀ lọ.

Ọkọ̀ yìí ló borí nínú ìdíje Fastnet àkọ́kọ́ ní 1925. Lónìí, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Dauntsey's School ní Gẹ̀ẹ́sì ń tù ú. Àwa olùkọ́ rí ẹ̀kọ́ níbẹ̀: ẹrù tó wọ ọmọdé lọ́rùn, bí a bá pín in, yóò gbé e dé èbúté.