Àwọn Òṣìṣẹ́ Inú Ara àti Kọ́kọ́rọ́ Wọn

Bí ènìyàn bá ń lọ sí oko, tí ejò ńlá sì gba iwájú rẹ̀ kọjá lójijì, kí ni ara rẹ̀ ń ṣe? Àyà rẹ̀ á já. Ọkàn rẹ̀ á máa lù kì-kì-kì. Bí ó bá bẹ́ sí eré, eré náà á pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí yóò ya òun fúnra rẹ̀ lẹ́nu. Níbo ni agbára yẹn ti wá? Ta ló lọ sọ fún ẹsẹ̀ pé ewu dé? Ẹ jẹ́ kí á tẹ̀lé iṣẹ́ yìí láti ibi tí a ti rán an títí dé ibi tí a ti jẹ́ ẹ.

1. Ara wa dà bí ìlú

Àwọn ohun kéékèèké tí ojú lásán kò lè rí ló kóra jọ tí wọ́n di ara ènìyàn. Sẹ́ẹ̀lì ni à ń pè wọ́n. Iṣan ní sẹ́ẹ̀lì tirẹ̀, ẹ̀dọ̀ ní tirẹ̀, ẹ̀jẹ̀ náà ní tirẹ̀. Ẹ jẹ́ kí á sọ pé ara jẹ́ ìlú ńlá. Sẹ́ẹ̀lì kọ̀ọ̀kan jẹ́ ilé kan nínú ìlú náà. Ilé yìí ní ògiri, ó ní ilẹ̀kùn, ó sì ní àwọn òṣìṣẹ́ nínú.

Purotéènì ni àwọn òṣìṣẹ́ yìí. Ẹ ti gbọ́ orúkọ yìí rí nígbà tí wọ́n ń sọ̀rọ̀ ẹ̀wà, ẹyin àti ẹran. Purotéènì tí a jẹ ni ara ń tú palẹ̀, tí ó sì fi ń mọ tirẹ̀. Ọ̀kan ń gé ṣúgà, òmíràn ń gbé ẹrù, òmíràn ń tún ògiri ṣe.

Bí gbogbo òṣìṣẹ́ bá ń ṣiṣẹ́ lẹ́ẹ̀kan náà, ilé á dàrú. Nítorí náà, ó yẹ kí alábòójútó wà tí yóò máa sọ fún wọn pé, "Ó yá, iṣẹ́ dé." Káínéèsì ni orúkọ àwọn alábòójútó yìí. Purotéènì ni àwọn náà. Oríṣi wọn lé ní 500 nínú ara ènìyàn.

2. Iṣẹ́ tí káínéèsì ń ṣe

Káínéèsì kò ní ẹnu. Àmì ló máa ń lẹ̀ mọ́ òṣìṣẹ́ lára. Fọ́sífeètì ni àmì náà. Ẹ̀yin àgbẹ̀ á ti rí orúkọ yìí lára àpò ajílẹ̀. Ohun kan wà nínú sẹ́ẹ̀lì tí wọ́n ń pè ní ATP. Fọ́sífeètì mẹ́ta ló wà lára rẹ̀, wọ́n tò tẹ̀lé ara wọn. Káínéèsì á yọ èyí tó kẹ́yìn, á lẹ̀ ẹ́ mọ́ òṣìṣẹ́ tí iṣẹ́ kàn. Ìrísí òṣìṣẹ́ náà á yí padà díẹ̀. Bí ó bá ń sùn tẹ́lẹ̀, ó lè jí. Bí ó bá sì ń ṣiṣẹ́ tẹ́lẹ̀, ó lè dáwọ́ dúró.

Àwọn òṣìṣẹ́ mìíràn tún wà tí iṣẹ́ tiwọn ni láti máa ṣí àmì náà kúrò. Ẹni tó tan àtùpà gbọ́dọ̀ lè pa á.

Edmond Fischer àti Edwin Krebs ló kọ́kọ́ rí bí àmì yìí ṣe ń jí òṣìṣẹ́. Ìlú Seattle ní Amẹ́ríkà ni wọ́n wà ní ọdún 1955, iṣan ehoro ni wọ́n sì ń yẹ̀ wò. Ní ọdún 1992, wọ́n gba ẹ̀bùn Nobel nítorí iṣẹ́ yìí.

3. Ta ló ń jí káínéèsì?

Ó dára. Káínéèsì ń jí òṣìṣẹ́. Ta ló wá ń jí káínéèsì? Bí kò bá sí ohun tó dá a dúró, á máa lẹ àmì káàkiri láìdúró. Nítorí náà, ara máa ń tì í pa bí ẹni fi àgádágodo ti ilẹ̀kùn. Ó di ìgbà tí kọ́kọ́rọ́ bá dé kí ó tó ṣí.

Ẹ jẹ́ kí á wo ẹni tí ejò dẹ́rù bà yẹn. Bí ojú bá ti rí ewu, ọpọlọ á ránṣẹ́ sí ohun kékeré méjì tó jókòó lé kíndìnrín lórí. Àwọn yìí á tú adrẹnalíìnì sínú ẹ̀jẹ̀. Adrẹnalíìnì ni oníṣẹ́. Ẹ̀jẹ̀ á gbé e dé ẹnu ọ̀nà sẹ́ẹ̀lì iṣan. Ṣùgbọ́n oníṣẹ́ yìí kì í wọlé o. Ó kàn ń kan ilẹ̀kùn ni. Àwọn tó wà nídìí ilẹ̀kùn á gbọ́, wọn á sì jẹ́ kí oníṣẹ́ kejì jáde nínú ilé. cAMP ni orúkọ oníṣẹ́ inú ilé yìí. Earl Sutherland, ará Amẹ́ríkà, ló wá a rí. Òun náà gba ẹ̀bùn Nobel ní ọdún 1971.

cAMP yìí ni kọ́kọ́rọ́. Káínéèsì tí ó ń ṣí ni wọ́n ń pè ní PKA. Nígbà tí PKA bá wà ní títì, ẹ̀yà mẹ́rin ló so pọ̀: méjì jẹ́ ọwọ́ iṣẹ́, méjì jẹ́ ẹ̀ṣọ́. Ẹ̀ṣọ́ a máa ki ìka bọ àárín ọwọ́ iṣẹ́, kí ó má baà lè di ohunkóhun mú. Bí cAMP bá dé, méjì á so mọ́ ẹ̀ṣọ́ kìn-ín-ní, méjì á so mọ́ ìkejì. Àwọn ẹ̀ṣọ́ á yí ara padà, wọn á sì tú ọwọ́ iṣẹ́ sílẹ̀. PKA ti jí nìyẹn.

PKA á lẹ àmì mọ́ káínéèsì mìíràn. Ìyẹn náà á jí, á lẹ àmì mọ́ òṣìṣẹ́ tí ń gé ṣúgà. Iṣan ti kó ṣúgà pamọ́ tẹ́lẹ̀ bí àgbẹ̀ ṣe ń kó àgbàdo sínú àká. Òṣìṣẹ́ yìí á máa gé e wẹ́wẹ́, iṣan á sì rí ohun tí yóò fi sáré. Adrẹnalíìnì kan ṣoṣo lẹ́nu ọ̀nà lè mú ọ̀pọ̀lọpọ̀ cAMP jáde. PKA kan ṣoṣo sì lè jí ọ̀pọ̀ òṣìṣẹ́. Báyìí ni iṣẹ́ kékeré ṣe ń di ńlá.

Nígbà tí ewu bá kọjá, a ó ba cAMP jẹ́, ẹ̀ṣọ́ á padà sí ipò rẹ̀, a ó sì ṣí àmì kúrò. Ara á balẹ̀.

4. Ọwọ́ ọ̀tún àti ọwọ́ òsì

Àwọn káínéèsì kan wà tó jẹ́ pé àwọn gan-an ni ilẹ̀kùn. Ti ínsúlíìnì jẹ́ ọ̀kan. Ínsúlíìnì ni oníṣẹ́ tó ń sọ fún ara pé kí ó kó ṣúgà inú ẹ̀jẹ̀ pamọ́. Ilẹ̀kùn tí ó ń kàn ní apá méjì. Bí ínsúlíìnì bá so mọ́ ọn níta, apá méjèèjì á sún mọ́ra nínú ilé, wọn á sì lẹ àmì mọ́ ara wọn. Ọwọ́ ọ̀tún wẹ òsì, òsì wẹ ọ̀tún, àwọn méjèèjì á wá jí. Ẹ fi èyí sọ́kàn, nítorí a ó tún lò ó.

5. Bí àgádágodo bá bàjẹ́

Káínéèsì tí kò lè jí burú. Èyí tí kò lè sùn náà burú. Àrùn jẹjẹrẹ kan wà nínú ẹ̀jẹ̀ tó fi èyí hàn wá.

Nínú ọ̀pọ̀ sẹ́ẹ̀lì ara ni okùn tín-ín-rín 46 wà. Ara wọn ni ìlànà bí a ṣe ń mọ gbogbo purotéènì wà. Ní ọdún 1960, ní ìlú Philadelphia ní Amẹ́ríkà, Peter Nowell àti David Hungerford rí i pé okùn kan kúrú ju bó ti yẹ lọ lára àwọn tó ní jẹjẹrẹ yìí. Ní ọdún 1973, Janet Rowley ní Chicago ṣàlàyé rẹ̀: okùn tí nọ́ńbà rẹ̀ jẹ́ 9 àti èyí tó jẹ́ 22 ti já, wọ́n sì fi ègé ara wọn ṣe pàṣípààrọ̀.

Níbi tí wọ́n ti ṣe àṣìṣo yìí ni wàhálà ti bẹ̀rẹ̀. Káínéèsì kan tó ń jẹ́ ABL wà lórí okùn 9. Ó ti ní ohun tó ń tì í pa lára rẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí okùn já, ohun náà bá a lọ, a sì so ègé purotéènì mìíràn tó ń jẹ́ BCR mọ́ ọn. BCR yìí a máa fa àwọn ABL mọ́ra wọn. Ẹ rántí ọ̀tún àti òsì. Àwọn ABL wọ̀nyí á máa lẹ àmì mọ́ ara wọn láìjẹ́ pé oníṣẹ́ kankan kan ilẹ̀kùn. Tọ̀sán tòru ni wọ́n ń pariwo pé, "Iṣẹ́ dé! Iṣẹ́ dé!" Sẹ́ẹ̀lì funfun inú ẹ̀jẹ̀ á wá máa pọ̀ sí i láti inú mùdùnmúdùn egungun, wọn kò ní mọ ìgbà tó yẹ kí wọ́n dúró.

Ó lè máa rẹ aláìsàn náà. Ó lè máa rù. Ó lè máa làágùn lóru, kí apá òsì ikùn rẹ̀ sì máa wú. Àwọn mìíràn kò tilẹ̀ mọ nǹkan kan lára. Àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ ló ń fi í hàn. Àrùn yìí kì í ràn. A kì í jogún rẹ̀ lọ́wọ́ bàbá tàbí ìyá. Kò sì sí ẹni tó fi ránṣẹ́ síni.

6. Oògùn tó dí ojú ihò

Bí a kò bá lè tún àgádágodo ṣe ńkọ́? Àwọn onímọ̀ rò ó pé, káínéèsì tí kò rí ATP mú kò ní rí àmì tí yóò lẹ̀. Wọ́n wá ṣe oògùn kan tó ń wọ ihò tí ATP yẹ kí ó wọ̀ lára ABL. Oògùn náà á jókòó síbẹ̀, ATP kò ní ráyè. Imatinib ni orúkọ rẹ̀. Nicholas Lydon àti dókítà Brian Druker wà lára àwọn tó ṣe iṣẹ́ náà. Ní ọdún 2001, ìjọba Amẹ́ríkà fi àṣẹ sí i. Nínú ìwádìí ńlá kan, nínú 100 aláìsàn tó fi oògùn yìí bẹ̀rẹ̀, nǹkan bí 83 ló wà láàyè lẹ́yìn ọdún 10.

Oògùn yìí dé ilẹ̀ wa náà. Ní ọdún 2003, àwọn dókítà ilé-ìwòsàn Yunifásítì Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ ní Ilé-Ifẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í fún àwọn aláìsàn ní oògùn náà lọ́fẹ̀ẹ́, nípasẹ̀ ètò ìrànlọ́wọ́ kan láti òkèèrè. Láti ọ̀nà jíjìn ní Nàìjíríà ni àwọn aláìsàn ti ń wá síbẹ̀.

Ọ̀rọ̀ kan ló kù, òun ló sì ṣe pàtàkì jù. Oògùn yìí ń dí ojú ihò ni, kò tún àgádágodo ṣe. Lọ́jọ́ tí kò bá sí oògùn nínú ara mọ́, ATP á padà wọlé, káínéèsì á sì tún bẹ̀rẹ̀ ariwo rẹ̀. Ara aláìsàn lè ti le, ó lè ti máa lọ sí ọjà àti oko, á wá rò pé, "Kí ni mo tún ń lo oògùn fún?" Níbẹ̀ ni ewu wà. Ẹni tó ń lò ó kò gbọ́dọ̀ dá a dúró bí dókítà kò bá ní kí ó ṣe bẹ́ẹ̀. Bí ẹnikẹ́ni nínú ilé yín bá ń lo irú oògùn báyìí, ẹ̀yin tí ẹ ti mọ̀wé ni kí ẹ bá a ka ohun tí a kọ sára páálí rẹ̀, kí ẹ sì máa rán an létí lójoojúmọ́.

Ìbéèrè

1. Kí ni àmì tí káínéèsì ń lẹ̀ mọ́ òṣìṣẹ́? Níbo ló ti ń rí i?
2. Kí ni ẹ̀ṣọ́ PKA ń ṣe kí cAMP tó dé?
3. Kí nìdí tí ABL tí ó so mọ́ BCR kò fi lè sùn?
4. Ọ̀rẹ́ yín kan ní ara òun ti yá, òun kò lo imatinib mọ́. Kí ni ẹ ó sọ fún un?