Ọmọ Tí Ó Nù, Ẹrù Gbogbo Jamáà Ni

Olóòtú ojú ìwé yìí ni ó ní kí n kọ ohun tí mo sọ ní ìpàdé àwọn obìnrin Mùsùlùmí sílẹ̀ fún gbogbo ènìyàn láti kà. Dókítà ni mí ní Ìjẹ̀bú-Òde. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń gbẹ̀bí, tí mo sì ń tọ́jú àwọn ọmọ wẹ́wẹ́. Ìyá ọmọ mẹ́ta sì tún ni mí. Ní ọjọ́ kan, iṣẹ́ ìyá àti iṣẹ́ dókítà fà mí lápá ọ̀tún àti òsì, ó kù díẹ̀ kí wọ́n fà mí ya.

Àwọn àgbà a máa wí pé kí ọmọ ó kú, ó yá ju kí ọmọ ó nù lọ. Nígbà tí mo wà ní ọmọdé, ọ̀rọ̀ ìkà ni mo ka òwe yìí sí. Nígbà tí mo di dókítà, tí àwọn ọmọ kan kú lójú mi, tí mo sì rí bí ìyá wọn ti ń yí ní ilẹ̀, mo tún sọ lọ́kàn mi pé ẹni tí ó pa òwe náà kò mọ ohun tí ó ń wí. Àfi ìgbà tí ọmọ tèmi nù fún wákàtí mẹ́fà péré.

Ọjọ́ Ojúde Ọba ni, ọjọ́ kẹta Ìléyá, ní ọdún díẹ̀ kí Ọba Síkírù Káyọ̀dé Adétọ̀nà tó wàjà ní 2025. Ẹni tí ó bá mọ Ìjẹ̀bú-Òde mọ bí ìlú ti ń rí ní ọjọ́ náà. Àwọn Mùsùlùmí ayé àtijọ́ ni ó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, tí wọ́n ń lọ kí Awùjalẹ̀, tí wọ́n sì ń dúpẹ́ pé ó fún wọn láyè láti ṣe ẹ̀sìn wọn. Lónìí, gbogbo ayé ni ó ń wá wò ó. Àwọn regbéregbé á wọ aṣọ kan náà, àwọn ìdílé Balógun á gun ẹṣin, ìlù á máa dún, ìbọn á máa ró. Mo wọ aṣọ fún àwọn ọmọ mi, mo kó wọn lọ wòran. Bàbá wọn ń bọ̀ láti Èkó, kò tíì dé.

Ní nǹkan bí agogo kan kù díẹ̀, ilé ìwòsàn pè mí. Wọ́n gbé aboyún kan dé láti oko. Ó ti ń rọbí láti àná, ọmọ kò lè jáde, ẹ̀jẹ̀ sì ti ń dà. Dókítà kejì wà lẹ́nu iṣẹ́ abẹ mìíràn. Mo fa àwọn ọmọ lé àbúrò mi obìnrin lọ́wọ́. Ó ní, “Ẹ máa lọ, ẹ̀gbọ́n mi, mo ń ṣọ́ wọn.” Kò purọ́. Ó ń ṣọ́ wọn ní tòótọ́. Ṣùgbọ́n nígbà tí àwọn ẹlẹ́ṣin ń kọjá, tí èrò sì tì síwá tì sẹ́yìn, ọwọ́ ọmọ méjì ni ó kù lọ́wọ́ rẹ̀. Ọmọkùnrin mi, ọmọ ọdún mẹ́fà, ti tẹ̀lé ẹṣin lọ.

Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ fọ ọwọ́ mi tán fún iṣẹ́ abẹ ni tẹlifóònù dún. Nọ́ọ̀sì bá mi gbé e sétí. Mo gbọ́ ẹkún àbúrò mi: “Ẹ̀gbọ́n mi, mi ò rí i mọ́ o.” Omi tí mo fi fọ ọwọ́ ṣì ń kán ní ìgbọ̀nwọ́ mi. Obìnrin náà wà lórí tábìlì, wọ́n ti kùn ún lóorun. Gbogbo wọn ń wo ojú mi.

Ẹ̀yin obìnrin bi mí ní ìpàdé pé, “Dókítà, kí ni ẹ wá ṣe?” Mo ṣe iṣẹ́ abẹ náà. Kí ẹnikẹ́ni má ṣe pè é ní akin. Ìbẹ̀rù mú mi débi pé orúkọ Allah nìkan ni ó kù lẹ́nu mi. Ṣùgbọ́n mo rò ó, mo rí i pé bí mo bá kúrò níbẹ̀, kò sí ọwọ́ mìíràn tí yóò gba obìnrin yẹn àti ọmọ inú rẹ̀ là. Ní ti ọmọ tèmi, ẹgbẹẹgbẹ̀rún ojú wà ní ìgboro tí ó lè rí i. Mo sọ fún nọ́ọ̀sì pé, “Ẹ bá mi pe bàbá rẹ̀. Ẹ pe ọlọ́pàá. Ẹ pe Lèmọ́mù wa.” Lẹ́yìn náà mo mú ọ̀bẹ.

Ọmọ náà ké nígbà tí mo gbé e jáde. Abẹ́ aṣọ tí mo fi bo imú ni èmi náà ti ń sunkún. Nígbà tí mo parí, mo sá jáde, mo dé àgọ́ ọlọ́pàá, mo dé Ìtòrò, mo ń bi olúkúlùkù pé ṣé wọ́n rí ọmọ tí ó wọ aṣọ àǹkárá aláwọ̀ ewé. Kò pẹ́ ni wọ́n tún pè mí: ẹ̀jẹ̀ obìnrin náà tún bẹ̀rẹ̀ sí dà. Mo padà. Bí mo ti ń fi ọwọ́ kan tẹ ikùn rẹ̀ kí ẹ̀jẹ̀ lè dá, ojú mi wà lára tẹlifóònù.

Ó dún. Ọkùnrin kan ni, ó ní ọmọ mi wà lọ́wọ́ òun, kí n fi owó ránṣẹ́ kí òun tó sọ ibi tí wọ́n wà. Àbúrò mi ti fi àwòrán ọmọ náà àti nọ́ńbà mi síta fún gbogbo ayé. Nọ́ọ̀sì àgbà tí ó dúró tì mí ni Ọlọ́run fi ọgbọ́n sí nínú. Ó gba tẹlifóònù náà, ó ní, “Ẹ jọ̀wọ́, ẹ̀gbọ́n, àpá wo ni ó wà ní ẹsẹ̀ òsì ọmọ náà?” Ọkùnrin yẹn dákẹ́, ó sì pa tẹlifóònù.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí n kò mọ̀ nígbà náà. Lèmọ́mù wa kò dúró de ẹnikẹ́ni. Lẹ́yìn ìrun Alásárì ó gbé gbohùngbohùn, ó kéde ọmọ náà, ó sì pe àwọn Lèmọ́mù mọ́sálásí mìíràn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Àwọn náà kéde, wọ́n sì pe àwọn ẹlòmíràn. Ìyá arúgbó kan tí ó ń ta ẹ̀pà àti omi lójú ọ̀nà Mọ́lípà gbọ́ ìkéde náà. Ọmọ mi wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ láti ọ̀sán. Ó ti bi í pé, “Kí ni orúkọ bàbá rẹ?” Ó ní, “Dádì.” “Kí ni orúkọ ìyá rẹ?” Ó ní, “Mọ́mì Dókítà.” Ó ti dá orin, ó dá àròfọ̀, ó mọ Fátíà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ṣùgbọ́n kò mọ orúkọ àwọn òbí rẹ̀.

Lẹ́yìn ìrun Màgáríbà ni mo dé ọ̀dọ̀ wọn. Ọmọ mi jókòó sórí ẹní níwájú mọ́sálásí, ó ń jẹ ìkọ́kọrẹ́. Mo wólẹ̀ fún ìyá náà. Mo ní, “Ìyá, mo dúpẹ́ o, Ọlọ́run yóò ṣìkẹ́ yín.” Ó ní, “Dìde, ọmọ mi. N kò mú un wọ inú ilé. Mo ní kí ojú gbogbo ayé máa rí èmi àti òun, kí ẹni tí ó ni ín lè rí i, kí ẹnikẹ́ni má sì lè sọ pé mo gbé ọmọ pamọ́.”

Ojú méjì ní í bímọ, igba ojú ní í wò ó. Ojú mi méjèèjì wà lára aláìsàn ní ọjọ́ yẹn. Àwọn igba ojú yòókù ni ó bá mi rí ọmọ mi.

Ẹ rántí Ànábì Yáàkúbù, kí ọlà Ọlọ́run máa bá a. Nígbà tí Yúsúfù nù, ó sunkún títí ojú rẹ̀ fi fọ́. A máa ń fi í ṣe àpẹẹrẹ súúrù, òótọ́ sì ni. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ wa gbàgbé pé ẹni tí ó ní súúrù yẹn náà ni ó rán àwọn ọmọ rẹ̀ pé kí wọ́n lọ wádìí Yúsúfù àti àbúrò rẹ̀, kí wọ́n má sì sọ ìrètí nù nínú àánú Ọlọ́run. Bákan náà ni ìyá Ànábì Músá. Lẹ́yìn tí ó gbé ọmọ rẹ̀ sójú omi, ó rán ẹ̀gbọ́n ọmọ náà pé kí ó máa tẹ̀lé e lókèèrè. Nítorí náà súúrù kì í ṣe kí a káwọ́ gbera. Àti Yáàkúbù, àti ìyá Músá, ẹlòmíràn ni wọ́n rán, nítorí ọwọ́ wọn nìkan kò tó o.

Àwọn àlùfáà wa tí wọ́n ń tẹ̀lé ọ̀nà Ímáámù Málíkì kọ́ wa pé kí a gbé ọmọ tí a bá rí láìsí ẹni tí ó mọ̀ ọ́n, kí a sì dáàbò bò ó, fàrílà kífáyà ni. Bí àwọn kan bá ṣe é, ẹrù bọ́ lọ́rùn àwọn yòókù. Bí ẹnikẹ́ni kò bá ṣe é, gbogbo jamáà ni ó dẹ́ṣẹ̀. Ìyá ẹlẹ́pà yẹn gbé ẹrù náà kúrò lọ́rùn gbogbo Ìjẹ̀bú-Òde.

Wákàtí mẹ́fà ni tèmi. Ẹ wo ti àwọn ẹlòmíràn. Ní Dìsẹ́ḿbà 2023, àwọn ajínigbé wọ ọgbà ilé ìwòsàn ojú ti ìjọba àpapọ̀ ní Kàdúná. Wọ́n gbé dókítà ojú kan, obìnrin, pẹ̀lú ọkọ rẹ̀ àti ọmọ ìbátan wọn. Wọ́n tú ọkọ sílẹ̀ ní Máàṣì 2024, ṣùgbọ́n ìyàwó àti ọmọ ìbátan náà wà nínú igbó títí di òpin Ògọ́ọ̀sì. Kí wọ́n tó jáde, ẹgbẹ́ àwọn dókítà NARD ti fi iṣẹ́ sílẹ̀ fún ọjọ́ méje láti ọjọ́ 26 oṣù náà, pé àfi kí ìjọba wá ẹnìkejì àwọn. Mo mọ ohun tí ìyẹn ná àwọn aláìsàn. Mo sì mọ ohun tí ó ń ká àwọn dókítà lára: ọwọ́ ń wo aláìsàn, ọkàn ń wá ẹni tí ó nù.

Ní Téginà, ní ìpínlẹ̀ Niger, ilé kéwú ni wọ́n ti kó ọmọ 136 lọ ní ọjọ́ 30 oṣù Méè 2021. Àwọn kan kéré débi pé wọn kò lè rìn, àwọn ajínigbé sì fi wọ́n sílẹ̀ lójú ọ̀nà. Ó di òpin Ògọ́ọ̀sì kí àwọn yòókù tó jáde. Ní 2022, ẹgbẹ́ aláàánú Red Cross ti àgbáyé sọ pé ènìyàn tí orúkọ wọn wà lọ́wọ́ àwọn pé wọ́n nù ní Nàìjíríà ju 25,000 lọ, àti pé nǹkan bí 14,000 nínú wọn ni ó jẹ́ ọmọdé nígbà tí wọ́n nù. Ìyá wọn ṣì ń tẹ́ ẹní sílẹ̀ dè wọ́n.

Ẹ̀yin oníṣòwò, ọ̀rọ̀ kan wà fún yín pàápàá. Ní Òkùtọ́bà 2019, ọlọ́pàá rí ọmọ mẹ́sàn-án tí wọ́n jí ní Kánò gbà padà. Anáńbrà ni wọ́n ti tà wọ́n. Ẹ kò ní rí ọmọ tí a ń tà bí kò bá sí ẹni tí ń rà. Bí alágbàtà bá mú ọmọ ọ̀dọ̀ wá sí ṣọ́ọ̀bù yín, ẹ bi í pé: ta ni bàbá rẹ̀? Ta ni ìyá rẹ̀? Ẹ jẹ́ kí n bá wọn sọ̀rọ̀ lórí tẹlifóònù. Bí kò bá lè dáhùn, ó lè jẹ́ ọmọ tí ìyá kan ń sunkún rẹ̀ ni ẹ fẹ́ fi rán níṣẹ́. Ẹ má sì gba ọmọ jòjòló lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni ní kọ̀rọ̀. Òfin ẹ̀tọ́ ọmọdé ti 2003 kà á léèwọ̀ láti ra ọmọ tàbí tà á.

Àwọn ohun tí mo kọ́ nìyí. Bí ẹ ti ń kọ́ ọmọ yín ní Fátíà, ẹ kọ́ ọ ní orúkọ yín ní kíkún àti nọ́ńbà tẹlifóònù yín. Kí ẹ tó wọ inú èrò, ẹ sọ fún un pé bí ó bá ṣìnà, kí ó dúró lójú kan, kí ó sì bá ìyá kan tí ó ń tajà sọ̀rọ̀. Bí ọmọ bá nù, ẹ má ṣe gba ẹni tí ó ní kí ẹ dúró di ọ̀la. Ẹ lọ sọ́dọ̀ ọlọ́pàá lójú ẹsẹ̀. Bí ẹ bá fi àwòrán rẹ̀ síta, ẹ fi àmì kan pamọ́ tí ẹ̀yin nìkan mọ̀, òun ni ẹ ó fi dán onírọ́ wò. Ẹ má sì ṣe fi owó fún ẹnikẹ́ni tí ó bá ní òun yóò fi yanrìn tẹ̀ ibi tí ọmọ wà. Àdúà kì í ṣe ọjà.

Ẹ̀yin Lèmọ́mù wa, mo bẹ̀ yín, ní Jímọ̀ tí ń bọ̀ ẹ yan ẹni mẹ́ta nínú mọ́sálásí kọ̀ọ̀kan, tí nọ́ńbà wọn yóò wà lọ́wọ́ àwọn mọ́sálásí yòókù. Kí ó má jẹ́ pé ìgbà tí ọmọ bá nù ni a ó ṣẹ̀ṣẹ̀ máa wá ẹni tí a ó pè.

Obìnrin tí mo ṣiṣẹ́ abẹ fún máa ń gbé ọmọ rẹ̀ wá kí mi ní gbogbo Ìléyá. Ọmọkùnrin mi á mú un lọ́wọ́, wọ́n á máa ṣeré kiri àgbàlá. Bí wọ́n bá ti kúrò lójú mi fún ìṣẹ́jú kan, mo ti dìde. Kí Ọba Allah tí ó dá Yúsúfù padà fún Yáàkúbù dá gbogbo ọmọ tí ó nù padà fún àwọn tí ó ni wọ́n. Àmín.