Pọ́ǹpù Tó Ń Tan Ara Rẹ̀

Ẹni tó bá ti gbé ilé tí ayálégbé pọ̀ sí ní Àgùdà mọ ohun tó ń jí èèyàn lóru. Iná lè dé lójijì ní agogo méjì òru. Àwọn tí kò tíì sùn á pariwo "Ọ́ọ̀pù NẸ́PÀ!", bó tilẹ̀ jẹ́ pé NẸ́PÀ ti kógbá wọlé tipẹ́, tó sì jẹ́ pé Eko Electricity la ń sanwó iná fún báyìí. Ẹnì kan á ki ẹsẹ̀ bọ sílípáàsì, á lọ sẹ́yìnkùlé lọ tan pọ́ǹpù, omi á sì bẹ̀rẹ̀ sí í gun òkè lọ sínú táńkì. Ẹni náà kò gbọdọ̀ sùn lọ. Bó bá sùn pẹ́nrẹ́n, táńkì á kún, omi á máa ya lu ògiri, owó tí gbogbo ilé dá jọ sórí mítà á sì máa bá omi lọ. Bí ilẹ̀ bá mọ́, bàbá onílé á bèèrè ẹni tó tan pọ́ǹpù tí kò pa á. Gbogbo ojú á wolẹ̀. Láti oṣù kẹrin ọdún 2024, tí NERC, àjọ tó ń ṣàkóso iná mànàmáná, ti gbé owó iná àwọn tó wà ní Band A, ìpele àwọn tó ń rí iná jù, láti nǹkan bíi náírà 68 lọ sí náírà 225 fún kílówáàtì kan láàárín wákàtí kan, ìbéèrè yẹn kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀rín mọ́.

Ẹ fi pọ́ǹpù yẹn sọ́kàn bí a ṣe ń wọ yàrá ọmọ yín tó ní láàpútọ́ọ̀pù. Ohun kan wà nínú láàpútọ́ọ̀pù náà tó ń ṣe irú iṣẹ́ yẹn, àmọ́ kò sẹ́ni tó ń jí tan án. Òun ló ń tan ara rẹ̀, ó sì mọ ọ̀nà àpò yín dáadáa. Steam ni wọ́n ń pè é.

Ọjà géèmù orí kọ̀ǹpútà ni Steam. Èèyàn á ra géèmù níbẹ̀, á gbà á wọlé láti orí íntánẹ́ẹ̀tì, inú rẹ̀ náà ni yóò sì ti máa ṣí i nígbàkigbà tó bá fẹ́ gbá a. Valve ló ni ín, ilé iṣẹ́ Amẹ́ríkà kan tí Gabe Newell àti Mike Harrington dá sílẹ̀ ní 1996 lẹ́yìn tí wọ́n kúrò ní Microsoft. Ṣùgbọ́n nígbà tí Steam jáde ní ọjọ́ 12 oṣù kẹsàn-án ọdún 2003, ọjà títà kọ́ ló kọ́kọ́ wà lọ́kàn wọn. Ápídéètì ni. Counter-Strike, géèmù ìbọn tí ogunlọ́gọ̀ ń gbá pa pọ̀ lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ti gbayì nígbà náà. Gbogbo ìgbà tí Valve bá tún un ṣe ni nǹkan ń dàrú, nítorí ẹni tó ti gba ẹ̀dà tuntun kò lè bá ẹni tó ṣì ń lo ti àtijọ́ ṣeré. Wọ́n wá rò ó pé bí a bá fi í sílẹ̀ fún ọmọ èèyàn, gbogbo wọn kò ní ṣe é lọ́jọ́ kan náà láéláé. Kí ẹ̀rọ máa ṣe é fúnra rẹ̀. Ọdún kan lẹ́yìn náà, ní oṣù kọkànlá 2004, géèmù Valve mìíràn, Half-Life 2, jáde, ẹni tó sì ra díìsìkì rẹ̀ ní ṣọ́ọ̀bù pàápàá gbọ́dọ̀ gba ọ̀dọ̀ Steam kọjá kó tó lè ṣí i. Inú bí ọ̀pọ̀ èèyàn lásìkò yẹn. Lónìí, ó ti di bó ṣe yẹ kó rí.

Ọ̀nà mìíràn ni àwa ń gbà níhìn-ín nígbà yẹn. Ọmọ Sùúrùlérè tó bá fẹ́ géèmù bọ́ọ̀lù PES tí orúkọ àwọn agbábọ́ọ̀lù sáà tuntun wà nínú rẹ̀ á wọ mọ́tò lọ sí Computer Village ní Ìkẹjà tàbí kó gba Alábà lọ, á ra DVD tí ẹnì kan ti dà á sí. Kò bófin mu, gbogbo wa la mọ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tó lọ rà á mọ iye tó san, ó mọ ọjọ́ tó san án, ìgbà tó bá sì fúnra rẹ̀ dìde lọ wá a nìkan ni ohun tuntun ń wọlé rẹ̀.

Èmi kò bá Valve jà. Èrò wọn dára fún ilé tó ń san owó íntánẹ́ẹ̀tì lẹ́ẹ̀kan lóṣù, tó sì ń lò ó bó ṣe wù ú. Wáyà fáíbà ti dé àwọn òpópónà kan lọ́dọ̀ tiwa náà, ṣùgbọ́n ilé tó ń fa dátà láti inú fóònù tàbí MiFi kékeré ṣì pọ̀ lọ jàra, GB kọ̀ọ̀kan ló sì ní iye tirẹ̀. Ní oṣù kìíní ọdún 2025 ni NCC, àjọ tó ń ṣàkóso àwọn ilé iṣẹ́ fóònù, fọwọ́ sí i pé kí wọ́n fi tó ìdá àádọ́ta nínú ọgọ́rùn-ún lé owó wọn. Ẹ wá gbé ìyẹn sí ẹ̀gbẹ́ ìwọ̀n géèmù ayé òde òní. Baldur's Gate 3 nìkan ń bèèrè àyè 150GB. Bí ìlà íntánẹ́ẹ̀tì yín bá ń sáré dé megabit 10 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, tí kò sì já rárá, 50GB péré á gbà tó wákàtí mọ́kànlá. (Megabit mẹ́jọ ló ń di megabyte kan. Ẹni tó bá rí 1.25 lójú Steam kó má tíì gbé fóònù láti bú àwọn tó ta dátà fún un. 10 kan náà ni.)

Ó yẹ ká sọ ti Steam náà fún un. Kì í tún gbogbo géèmù gbà láti ìbẹ̀rẹ̀ nígbàkigbà tí ápídéètì bá jáde. Ńṣe ni ó gé fáìlì sí wẹ́wẹ́, bíi megabyte kan kan, tó ń fi tuntun wé ti tẹ́lẹ̀, tó sì ń fa kìkì èyí tó yí padà. Ọwọ́ àwọn tó ṣe géèmù ni ìyókù wà. Bí wọ́n bá di gbogbo àwòrán àti ohùn sínú fáìlì ńlá kan ṣoṣo, tí wọ́n sì wá da ètò inú rẹ̀ rú nítorí àtúnṣe kékeré, àtúnṣe kékeré náà á di ẹrù ńlá. Lẹ́yìn tí dátà bá sì ti wọlé tán, kọ̀ǹpútà ṣì ní láti to nǹkan pọ̀, ìyẹn sì ń fẹ́ àyè lórí díìsìkì. Ìdí nìyẹn tí èèyàn fi lè rí i pé géèmù ṣì ń "ṣe ápídéètì" nígbà tí íntánẹ́ẹ̀tì ti dákẹ́ tipẹ́. Kò jẹ dátà mọ́ lásìkò yẹn. Díìsìkì ló ń ṣiṣẹ́.

Ibi tí ìjà ti ń bẹ̀rẹ̀ nínú ilé yàtọ̀. Ìyá á tan hotspot fóònù rẹ̀ fún ọmọ kó lè fi iṣẹ́ ilé-ìwé ránṣẹ́. Kò ní pẹ́ tí ọ̀rọ̀ á wọlé sórí fóònù pé dátà ti tán.

"Kí lo fi dátà mi ṣe?"

"Mọ́mì, èmi kọ́ o. WhatsApp nìkan ni mo ṣí."

Òótọ́ lọmọ ń sọ, Mọ́mì kò sì ní gbà á gbọ́. Bí Steam ṣe wà láti ilé rẹ̀, kété tí wọ́n bá tan kọ̀ǹpútà ni òun náà á jí. Bí wọ́n bá sì tẹ àmì X láti pa fèrèsé rẹ̀, kò kú. Ńṣe ló sá pamọ́ sí igun ìsàlẹ̀ lápá ọ̀tún, lẹ́bàá aago. Ẹni tó bá fẹ́ kó kú gan-an gbọ́dọ̀ fi ọwọ́ ọ̀tún máúsì tẹ àmì kékeré yẹn, kó yan Exit. Ká ní mo ní ohun kan ṣoṣo láti kọ́ àwọn òbí nínú ọ̀rọ̀ yìí, ìyẹn ni màá kọ́ wọn.

Kì í wá ṣe dátà nìkan ni ápídéètì ń gbà lọ́wọ́ èèyàn. Ní ọjọ́ 27 oṣù kẹsàn-án ọdún 2023, Valve fi Counter-Strike 2 rọ́pò Counter-Strike: Global Offensive. Wọn kò tà á lọ́tọ̀. Gẹ́gẹ́ bí ápídéètì ló ṣe wọlé. Géèmù tó ń bèèrè àyè 15GB tẹ́lẹ̀ wá ń bèèrè 85GB. Ẹni tí láàpútọ́ọ̀pù rẹ̀ ti dàgbà, tó ń gbá ti tẹ́lẹ̀ wọ́ọ́rọ́wọ́, jí bá géèmù tí ẹ̀rọ rẹ̀ kò lè gbé. Àwọn tó ń lo Mac kò tilẹ̀ rí ọ̀nà gbà mọ́ rárá. Ẹ̀dà àtijọ́ kò pòórá pátápátá: téèyàn bá fi ọwọ́ ọ̀tún máúsì tẹ orúkọ géèmù náà, tó wọ Properties, tó lọ sí Betas, ó lè padà sí i, àmọ́ kò sí àwọn sáfà Valve nídìí rẹ̀ mọ́ láti fi bá ará ìta ṣeré bíi ti tẹ́lẹ̀. Irú rẹ̀ tún ṣẹlẹ̀ ní oṣù kẹrin ọdún 2024, nígbà tí ilé iṣẹ́ Bethesda tú ápídéètì ńlá jáde fún géèmù rẹ̀, Fallout 4. Àwọn kan ní ìlú Gẹ̀ẹ́sì ti fi ọdún púpọ̀ kọ́ Fallout: London sórí géèmù yẹn lọ́fẹ̀ẹ́, ápídéètì náà sì mú kí wọ́n sún ọjọ́ ìjáde wọn síwájú títí di oṣù keje. Ẹni tó ní íntánẹ́ẹ̀tì àjẹyó pàápàá, ọ̀rọ̀ yìí kàn án.

Ta ló yẹ kó di pọ́ǹpù yìí mú, nígbà náà? Èmi gbà pé ẹni tó ń sanwó rẹ̀ ni. Steam sì fi ọwọ́ pọ́ǹpù náà síbẹ̀, kàn jẹ́ pé kì í pe èèyàn síbẹ̀ ni. Ẹ tẹ orúkọ Steam lókè lápá òsì, ẹ wọ Settings, ẹ yan Downloads. Níbẹ̀ ni ẹ ti lè ní kó má gba ápídéètì géèmù kankan àfi ìgbà tí ẹ bá ṣí géèmù náà fúnra yín. Níbẹ̀ náà ni ẹ ti lè dín eré rẹ̀ kù, kí ẹni tó wà lórí fídíò pẹ̀lú ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ní London má máa rí ojú tó dúró gbagidi. Bí ẹ bá sì fẹ́ yà géèmù kan sọ́tọ̀, ẹ fi ọwọ́ ọ̀tún máúsì tẹ orúkọ rẹ̀, ẹ wọ Properties, ẹ lọ sí Updates.

Ohun kan tí ẹ kò ní rí níbẹ̀ ni "má ṣe é láéláé". Kò sí i. Bí ẹ bá dá ápídéètì dúró, tí ẹ wá ṣí géèmù náà lálẹ́ ọjọ́ Ẹtì tí àwọn ọ̀rẹ́ ti ń dúró, ó lè ní kí ẹ kọ́kọ́ gba 6GB. Nítorí náà, èyí tí ẹ ń gbá lójoojúmọ́, ẹ jẹ́ kó máa gbà á bó ṣe ń jáde. Àwọn mọ́kànlá tí ẹ rà nígbà tí owó wọn já wálẹ̀, tí ẹ kò ṣí rí, ni kí ẹ so.

Ètò àkókò wà nínú Downloads kan náà, òun ló sì bá Àgùdà mu jù lójú mi. Ẹ lè yan wákàtí tí Steam láṣẹ láti ṣe ápídéètì nínú rẹ̀. Àwọn ilé iṣẹ́ fóònù wa ń ta dátà òru ní ẹ̀dínwó, láti agogo 12 òru sí agogo 5 ìdájí nígbà púpọ̀, nítorí náà kí ẹ fi wákàtí Steam sí àárín ìyẹn. Ewu méjì ló wà níbẹ̀. Ètò yìí kò kan géèmù tuntun tí ọmọ fọwọ́ ara rẹ̀ tẹ̀ pé kó wọlé lọ́sàn-án. Ojú ẹsẹ̀ nìyẹn á bẹ̀rẹ̀. Èkejì ni pé kọ̀ǹpútà gbọ́dọ̀ wà ní títàn, a sì mọ bí òru wa ṣe rí. Bí iná bá lọ láàárín, kì í ṣe òfò. Níbi tó ti dúró ni yóò ti máa bá a lọ.

Fún ilé tí ọmọ púpọ̀ ti ń gbá géèmù, ohun tí Valve ṣe ní oṣù kejì ọdún 2023 ló wúlò jù lọ. Bí kọ̀ǹpútà méjì bá wà lórí ráútà kan náà, tí Steam ṣí lórí àwọn méjèèjì, èkejì lè fa géèmù tàbí ápídéètì láti inú ti àkọ́kọ́ dípò kó lọ sí ìta. Inú ilé ni dátà náà ń yí, kò kan owó yín. Nínú Settings, ẹ ó yan ẹni tí ẹ fẹ́ kó láǹfààní láti fà á: ara yín nìkan, àwọn ọ̀rẹ́, tàbí ẹnikẹ́ni. Ní oṣù kẹsàn-án 2024 sì ni Steam Families fìdí múlẹ̀, tí èèyàn mẹ́fà nínú agboolé kan lè jọ máa lo géèmù ara wọn.

Ẹni tí kò ní ráútà lè gbé hard drive lọ sílé ọ̀rẹ́ ní Ojúẹlẹ́gbà, kó da fódà géèmù náà kọ láti inú steamapps/common, kó gbé e sí àyè kan náà lórí kọ̀ǹpútà tirẹ̀ kó tó ní kí Steam gbà á wọlé. Steam á yẹ ohun tó bá níbẹ̀ wò, á sì fa kìkì èyí tó kù. Ìṣòro rẹ̀ kò ju pé géèmù náà gbọ́dọ̀ wà lórúkọ òun fúnra rẹ̀ tàbí ti ẹnì kan nínú Steam Families rẹ̀: bí kò bá rí bẹ́ẹ̀, ẹ̀dà tí wọ́n dà kọ lọ́dọ̀ ọ̀rẹ́ kì í sábà ṣí.