Òkúta Ń Yọ̀: Bí A Ṣe Gun Òkè Adó-Àwáyè Lọ Wo Adágún Ìyàkẹ́

Ọmọ ọdún 11 ni mí. Tempelhof ní Berlin ni wọ́n bí mi sí, ibẹ̀ náà ni mo ń gbé. Tí ẹ bá mọ Tempelhofer Feld, ẹ mọ̀ pé ilẹ̀ ibẹ̀ tẹ́ pẹrẹsẹ. Pápákọ̀ òfuurufú ni tẹ́lẹ̀. Wọ́n tì í pa ní 2008, wọ́n sì ṣí i fún gbogbo èèyàn ní 2010. Kẹ̀kẹ́ ni mo máa ń gùn níbẹ̀, mi ò gun òkè rí níbẹ̀ torí kò sí òkè kankan. Òkè tó ga jù tí mo ti gùn ni Teufelsberg, 120 mítà. Òkè yẹn gan-an, àwókù ilé tí ogun wó ni wọ́n kó jọ síbẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi, ọmọ àbúrò Dádì mi tó ń gbé ní Hamburg, máa ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ lórí ẹ̀. Ṣùgbọ́n ibi tó ga jù ní Hamburg, Hasselbrack, 116 mítà péré ni. Mo ṣì fi mítà 4 jù ú lọ, jàre.

Ní họ́lídè tó gùn, èmi àti ẹ̀gbọ́n mi bá Dádì àti Mọ́mì lọ sí Ìbàdàn lọ kí Màmá Àgbà. Dádì ní a máa lọ gun òkè kan tí adágún omi wà lórí rẹ̀. Mo fẹ́ ṣàlàyé bí wọ́n ṣe ń gùn ún, kí ẹ̀yin náà lè mọ ohun tí ẹ máa ṣe tí wọ́n bá mú yín lọ. Mo tún máa sọ bí mo ṣe ṣubú, torí pé ọ̀rọ̀ Yorùbá kan ṣoṣo ló fà á.

Ibo ni òkè yìí wà?

Adó-Àwáyè wà ní ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́, kò jìnnà sí Ìsẹ́yìn níbi tí wọ́n ti ń hun aṣọ òkè. Láti Ìbàdàn, ọ̀nà Mọ́níyà la gbà. A ti kúrò nílé kí ilẹ̀ tó mọ́ dáadáa. Òkúta ńlá ni òkè náà. Adágún Ìyàkẹ́ wà lókè níbẹ̀, nínú òkúta. Àwọn èèyàn máa ń sọ pé méjì péré ni irú adágún bẹ́ẹ̀ ní gbogbo ayé, pé èkejì wà ní Colorado, ní Amẹ́ríkà, tí wọ́n ń pè ní Hanging Lake.

Báwo ni omi ṣe ń dúró lórí òkè? Ẹ ronú nípa àwo tí wọ́n gbé síta nígbà òjò. Tí àwo náà bá jẹ́ asẹ́, omi á jò lọ. Tí kò bá ní ihò, omi á dúró. Òkúta gíránáìtì dà bí àwo tí kò ní ihò. Omi ò lè tètè wọ inú rẹ̀ bó ṣe ń wọ inú iyanrìn. Tí kòtò bá wà lórí òkúta bẹ́ẹ̀, òjò á kún un.

Ohun kan wà tó yà mí lẹ́nu. Orúkọ tí àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì káàkiri ayé ń pe irú òkè bẹ́ẹ̀, ọ̀rọ̀ Jámánì wa ni! Wọ́n ń pè é ní Inselberg. Ẹ̀yin náà mọ̀ ọ́n: Insel ni erékùṣù, Berg ni òkè. Wilhelm Bornhardt, ará Jámánì tó lọ wo òkúta ní Ìlà Oòrùn Áfíríkà, ló fún un lórúkọ yẹn ní nǹkan bí 1900. Ó ní àwọn òkè náà dá dúró lórí ilẹ̀ tó tẹ́jú bí erékùṣù ṣe ń dá dúró lórí òkun. Abẹ́ ilẹ̀ ni òkúta náà ti kọ́kọ́ gbóná tó sì tutù. Lẹ́yìn ìgbà pípẹ́, òjò gbá ilẹ̀ tó bò ó lọ, òkúta wá yọ síta.

Láyé ogun, orí òkè ni àwọn ará Adó ń gbé. Tí ọ̀tá bá ń bọ̀, wọ́n á ti rí i láti òkèèrè, ọ̀tá náà á sì ti rẹ̀ kó tó débẹ̀. Ìdí yẹn náà ló mú kí àwọn Ẹ̀gbá sá lọ sí abẹ́ Òkúta Olúmọ ní 1830. Nígbà tí ogun tán, àwọn ará Adó sọ̀ kalẹ̀.

Kí ẹ tó gùn ún

Ẹ wọ bàtà tó ń di ilẹ̀ mú. Sálúbàtà ò dáa. Ẹ mú omi tó pọ̀, torí oòrùn ibẹ̀ mú. Tó bá jẹ́ òkè Bavaria ni, mo máa ní kí ẹ mú ẹ̀wù òtútù. Adágún Funtensee wà níbẹ̀ ní 1,601 mítà, ní oṣù Kejìlá 2001 òtútù ibẹ̀ dé −45.9 °C. Ní Adó-Àwáyè, ẹ̀wù òtútù kọ́ lẹ nílò, fìlà ni.

Ẹ má dá lọ o. Ẹ wá amọ̀nà láàrin ìlú. Èmi bi Dádì pé kí la fẹ́ fi amọ̀nà ṣe, ṣebí fóònù wà? Wọ́n ní kí n wolẹ̀. Lórí ilẹ̀, ẹsẹ̀ èèyàn máa ń ṣe ojú ọ̀nà. Lórí òkúta, ẹsẹ̀ kì í fi ojú ọ̀nà sílẹ̀. Gbogbo ibẹ̀ jọra. Ẹni tó mọ ibẹ̀ nìkan ló mọ ibi tí òkúta ti dá sísàlẹ̀.

Màmá Àgbà ò gùn ún. Wọ́n jókòó sábẹ́ igi pẹ̀lú ìgò omi wọn, wọ́n ní kí a lọ, kí a bọ̀.

Àtẹ̀gùn 369

Àtẹ̀gùn tí wọ́n fi sìmẹ́ńtì ṣe ni wọ́n kọ́kọ́ ń gùn. 369 ni wọ́n sọ pé ó jẹ́. Bí mo ṣe rántí ẹ̀ ni pé Fernsehturm wa ní Berlin jẹ́ 368 mítà, mo kàn fi 1 kún un. Mo ka àtẹ̀gùn náà, 371 ni mo rí. Ẹ̀gbọ́n mi rí 366. Dádì ò lè kà, wọ́n kàn ń mí gúlegúle.

Bọ̀dá tó ń mú wa lọ ò sáré. Wọ́n ní ẹni tó bá sáré ní ìsàlẹ̀ á jókòó ní àárín. Wọ́n ń wo ojú ọ̀run ṣáá. Wọ́n ní tí àwọn bá gbọ́ àrá, gbogbo wa máa sọ̀ kalẹ̀ lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, a ò ní bẹ̀bẹ̀. Ìdí ni pé lórí òkúta tí igi ò pọ̀ sí, ìwọ gan-an lo ga jù níbẹ̀, mànàmáná sì máa ń wá ohun tó ga jù.

Àrá ò sán. Ṣùgbọ́n òjò winniwinni rọ̀ fún ìṣẹ́jú bíi márùn-ún, ó sì dá.

Yọ̀ wo ni?

Lẹ́yìn àtẹ̀gùn, òkúta lásán ló kù. Bọ̀dá dúró, wọ́n kọjú sí wa, wọ́n ní, "Ẹ rọra o. Òkúta yìí ń yọ̀. Ṣé ẹ gbọ́?"

Mo ní, "A gbọ́ sà."

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ohun tí mo mọ̀ ni pé kéèyàn yọ̀ ni kí inú ẹ̀ dùn. Tí ẹnì kan bá bímọ, a máa ń sọ pé ẹ bá wa yọ̀. Mo wá rò ó lọ́kàn mi pé, inú òkúta ń dùn torí pé òjò rọ̀. Mo rò pé ìtàn ni, bí ìtàn ìjàpá. Ó dùn mọ́ mi. Mo fò sórí òkúta náà.

Ẹsẹ̀ mi lọ. Mo jókòó pàá, mo sì ń lọ sísàlẹ̀ bí ẹni tó wà lórí Rutsche. Kò sí nǹkan tí mo lè dì mú. Mo gbọ́ tí Mọ́mì ké. Mo lọ bíi mítà méjì kí Bọ̀dá tó gbá okùn báàgì mi mú. Tí wọn ò bá gbá a mú, mi ò mọ ibi tí mi ò bá dé, mi ò sì fẹ́ mọ̀.

Awọ orúnkún mi bó, ẹ̀jẹ̀ ń jáde. Bọ̀dá bi mí pé, "Kí ni mo sọ lẹ́ẹ̀kan?"

Mo ní, "Ẹ ní inú òkúta ń dùn."

Ẹ̀gbọ́n mi bú sẹ́rìn-ín. Bọ̀dá ò rẹ́rìn-ín rárá. Wọ́n ní, "Yọ̀ ni kí inú èèyàn dùn. Yọ̀ náà ni kí nǹkan máa tàn ẹsẹ̀, kéèyàn máa ṣubú. Tí kò bá yé ọ, kí ló dé tí o fi ní o gbọ́?"

Mi ò lè dáhùn. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin mọ ìdáhùn ẹ̀, àbí? Àwa tí wọ́n bí sí Jámánì máa ń ṣe é. Àgbàlagbà á sọ̀rọ̀, a ò mọ ọ̀rọ̀ kan nínú ẹ̀, ojú á máa tì wá láti béèrè, a ó wá ní "bẹ́ẹ̀ ni sà." Mo gbọ́ ọ pẹ̀lú etí mi. Kò yé mi ni.

Láti ìgbà yẹn, Bọ̀dá yí ọ̀nà tí wọ́n fi ń bá wa sọ̀rọ̀ padà. Wọn ò bi wá mọ́ pé ṣé ẹ gbọ́. Wọ́n á ní, "Kí ni mo sọ?" A ó sì tún un sọ fún wọn ní ọ̀rọ̀ tiwa.

Ní etí adágún

Adágún náà dákẹ́. Koríko wà léteetí ẹ̀, a rí ojú ọ̀run nínú omi. Orúnkún mi ń ta mí. Mo rí omi níwájú mi, mo sì fẹ́ fi fọ ẹ̀jẹ̀ ẹsẹ̀ mi. Mo ti bẹ̀rẹ̀ sí í tú okùn bàtà mi. Mo wá dúró, mo ní, "Bọ̀dá, ẹ jọ̀ọ́, ṣé mo lè fọ ẹsẹ̀ mi níbí?"

Wọ́n ní rárá o. Ẹnikẹ́ni kì í ti ẹsẹ̀ bọ Ìyàkẹ́. Àwọn ará ìlú sọ pé ẹni tó bá ti ẹsẹ̀ bọ̀ ọ́, adágún á fà á lọ. Bọ̀dá fi omi inú ìgò wa fọ ẹsẹ̀ mi, Mọ́mì sì fi ìborùn wọn dì í.

Ẹ̀gbọ́n mi ní ìyẹn ò lè jẹ́ òótọ́. Èmi ò mọ̀ ọ́n jù. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo padà sí Berlin, mo kà nípa ti Colorado yẹn. Níbẹ̀ náà, òfin ni pé kò gbọdọ̀ sí ẹni tó máa wẹ̀ tàbí ti ẹsẹ̀ bọ omi, torí pé òróró ara èèyàn máa ń ba òkúta tó yí omi náà ká jẹ́. Àwọn tibẹ̀ kọ ọ́ sórí pátákó. Àwọn ará Adó fi sẹ́nu àwọn àgbà. Ìlú méjì tó jìnnà síra, ohun kan náà ni wọ́n ń sọ fún àlejò. Adágún orí òkè ò tóbi, tí gbogbo wa bá ń fọ ẹsẹ̀ nínú ẹ̀, kí ló máa kù?

Ibì kan wà níbẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Ẹsẹ̀ Kan Ayé, Ẹsẹ̀ Kan Ọ̀run. Ẹ̀yin náà gbọ́ orúkọ ẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi fẹ́ lọ gan-an, ṣùgbọ́n Bọ̀dá ní pẹ̀lú orúnkún tèmi, a ò lọ. Ó bínú sí mi títí a fi dé ìsàlẹ̀. Ó tọ́ kó bínú, èmi ni mo fà á.

Ní sísọ̀ kalẹ̀, ẹ má fò. Ẹ fi ẹ̀gbẹ́ sọ̀, ẹ tẹ́ àtẹ́lẹsẹ̀ gbogbo sílẹ̀. Ibẹ̀ ni ẹsẹ̀ máa ń gbọ̀n, torí ó ti rẹ̀ yín.

Màmá Àgbà dìde nígbà tí wọ́n rí wa. Wọ́n ní, "Háà, mo yọ̀ o! Mo yọ̀!"

Mo ní, "Màmá, yọ̀ wo nìyẹn?"

Wọ́n wo ìborùn tó wà lẹ́sẹ̀ mi. Wọ́n ní, "Ti inú ọkàn ni tèmi. Ti orúnkún ni tìẹ."