Òkun Tí Omi Rẹ̀ Di Dídùn

Àwọn òbí kan máa ń béèrè ìdí tí ilé-ẹ̀kọ́ Kristẹni yóò fi gbé ìwé ìtàn tí oṣó àti idán kún inú rẹ̀ lé ọmọ lọ́wọ́. Ìbéèrè náà bọ́gbọ́n mu. Ní ilẹ̀ wa, ẹni tí a bá gbọ́ pé ó ń lo oògùn, a kì í fi ọmọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ rẹ̀. Ẹ̀yin òbí àti ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́-jáde ẹlẹgbẹ́ mi, ẹ jẹ́ kí a yẹ òkun kan ṣoṣo wò, òkun tí kò sí nínú àwòrán ilẹ̀ ayé kankan, kí a sì mọ irú agbára tí ó wà nínú omi rẹ̀.

Òkun ìlà-oòrùn ilẹ̀ Narnia ni mo ń sọ. C. S. Lewis, ẹni tí a bí ní ìlú Belfast ní 1898, tí ó sì kọ́ni ní Yunifásítì Oxford fún nǹkan bí ọgbọ̀n ọdún, ni ó fi ìwé méje dá ilẹ̀ náà sílẹ̀. Èyí tí ó sọ ti òkun yìí ni The Voyage of the Dawn Treader, tí ó jáde ní 1952. Caspian, ọba tí ó ṣì jẹ́ ọ̀dọ́, wọ ọkọ̀ láti wá àwọn ìjòyè méje tí àbúrò baba rẹ̀ ti rán lọ sójú òkun kí wọ́n má baà padà. Àwọn ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì mẹ́ta bá a lọ: Edmund, Lucy, àti Eustace ìbátan wọn. Reepicheep náà wà níbẹ̀, eku tí ń sọ̀rọ̀ bí ènìyàn, tí ó fi idà sí ìbàdí, tí ó sì láyà ju àwọn atukọ̀ lọ. Ayé Narnia tẹ́ pẹrẹsẹ; nítorí náà òkun rẹ̀ ní òpin.

Ní apá àkọ́kọ́ ìrìn àjò náà, ìdẹkùn ni idán. Eustace fi ojúkòkòrò sùn lórí ìṣúra dírágónì. Nígbà tí ó jí, òun fúnra rẹ̀ ti di dírágónì. Wọ́n rí adágún tí ń sọ ohun gbogbo tí ó bá bọ́ sínú rẹ̀ di wúrà, lójú ẹsẹ̀ ni aáwọ̀ sì bẹ́ láàárín Edmund àti ọba. Lucy ka ọfọ̀ kan nínú ìwé oṣó kí ó lè mọ ohun tí ọ̀rẹ́ rẹ̀ ń sọ lẹ́yìn rẹ̀. Ó gbọ́ ọ, ọkàn rẹ̀ sì gbọgbẹ́. Ìwé tí ń polówó oògùn kì í sọ̀rọ̀ báyìí.

Lẹ́yìn erékùṣù Ramandu ni nǹkan yí padà. Omi náà mọ́ gaara tó bẹ́ẹ̀ tí Lucy fi ń wo òjìji ọkọ̀ bí ó ti ń sáré lórí ilẹ̀ ìsàlẹ̀ òkun. Ó rí àwọn ará inú omi, ó sì rí ọmọbìnrin kan tí ń da ẹja bí ẹni ń da àgùntàn. Ọba àwọn ará omi mi ọ̀kọ̀ sí wọn. Reepicheep kà á sí ìpèníjà, ó bẹ́ sómi láti bá a jà. Ṣùgbọ́n bí omi ti kan ẹnu rẹ̀, ó gbàgbé ìjà. Ariwo tí ó ń pa ni pé omi náà kò ní iyọ̀ mọ́, pé ó dùn. Láti ìgbà tí ó ti wà ní ìkókó ni a ti kọrin fún un pé níbi tí omi òkun bá ti dùn ni yóò ti rí ohun tí ó ń wá.

Gbogbo wọn mu nínú rẹ̀. Ebi kò pa wọ́n mọ́, oorun kò sì kùn wọ́n. Oòrùn ń tóbi sí i lójoojúmọ́, síbẹ̀ ojú wọn gbà á. Àwọn àgbà atukọ̀ ń padà di ọ̀dọ́ díẹ̀díẹ̀. Afẹ́fẹ́ dáwọ́ dúró, ìṣàn omi sì ń gbé ọkọ̀ lọ, ìdákẹ́jẹ́ẹ́ gba inú rẹ̀ kan. Nígbà tí ó yá, wọ́n wọ àárín òṣíbàtà funfun tí ó tẹ́ lọ títí ojú kò fi tó òpin rẹ̀.

Kò sí ẹni tí ó pe ọfọ̀ sí omi yìí. A kò rúbọ sí i, a kò sì sọ igi sínú rẹ̀ bí ti omi Mara nínú Ẹ́kísódù orí 15. Ó dùn nítorí pé ó súnmọ́ ilẹ̀ Aslan, kìnnìún tí Narnia jẹ́ tirẹ̀. Nínú Bíbélì, òkun sábà máa ń mú ẹ̀rù wá, tó bẹ́ẹ̀ tí Jòhánù fi rí ayé tuntun láìsí òkun nínú rẹ̀. Lewis kò mú òkun kúrò; ó mú iyọ̀ kúrò nínú rẹ̀.

Kò dá gbogbo èyí rò. Ní Ireland, wọ́n ní irú ìtàn àtijọ́ kan tí wọ́n ń pè ní immram, ìrìn àjò ojú omi láti erékùṣù dé erékùṣù. Ìtàn Brendan mímọ́, tí a fi èdè Látìnì kọ, bá wọn tan: nínú rẹ̀, òun àti àwọn mọ́ńkì rẹ̀ dé orí omi mímọ́ kan tí wọ́n ti rí ẹja tí ó sùn nílẹ̀ bí agbo ẹran. D. O. Fagunwa tiwa, igbó ni ó rán àwọn akọni rẹ̀ lọ, nítorí igbó ni ó yí wa ká. (Òun àti Lewis kú ní 1963, kò sì pé oṣù kan síra wọn.)

Ibi tí èmi máa ń kà pẹ́ jù, gẹ́gẹ́ bí àlùfáà, ni ibi tí omi ti fà tó bẹ́ẹ̀ tí ọkọ̀ kò lè lọ mọ́. Caspian ní òun yóò fi adé sílẹ̀, òun yóò bá Reepicheep lọ wo òpin ayé. Àwọn ènìyàn rẹ̀ kọ̀ fún un. Eku náà pàápàá sọ fún un pé ọba kì í ṣe ti ara rẹ̀. Ó fi ìbínú wọ yàrá rẹ̀ lọ. Aslan bá a sọ̀rọ̀ níbẹ̀, ó sì jáde pẹ̀lú omijé: ilé ni yóò padà sí. Àwọn ọ̀dọ́ ti wá bá mi pé àwọn fẹ́ fi aya, ọmọ àti iṣẹ́ sílẹ̀, kí àwọn gun orí òkè àdúrà lọ láìní sọ̀ mọ́. Ibẹ̀ ni mo máa ń kà fún wọn. Àwọn kan bínú. Àwọn kan lọ sílé.

Reepicheep ní tirẹ̀ lọ. Níbi tí omi ti dúró bí ògiri ní òpin ayé, ó ju idà rẹ̀ sáàárín òṣíbàtà, ó wọ ọkọ̀ kékeré rẹ̀, ó gun ìgbì náà dé òkè, a kò sì rí i mọ́. Àwọn ọmọ mẹ́ta náà rìn dé etí ilẹ̀, wọ́n bá ọ̀dọ́-àgùntàn kan àti ẹja sísun lórí iná. Ẹni tí ó bá ti ka Jòhánù orí 21 yóò mọ ibi tí wọ́n dé.

Atukọ̀ kan, Pittencream, kò dé ibẹ̀ rárá. Nígbà tí a ń yan àwọn tí yóò lọ, ó ṣiyèméjì títí a fi fi í sílẹ̀ ní erékùṣù Ramandu. Nígbà tí wọ́n ń padà bọ̀, ó sọ̀ kalẹ̀ lọ́nà, ó lọ gbé ní ilẹ̀ Calormen, ó sì ń ròyìn òpin ayé fún àwọn ará ibẹ̀ títí òun fúnra rẹ̀ fi gbà á gbọ́. Ṣùgbọ́n kò lè fara da kí ó rí eku.