Mọ́jú: bí a ṣe ń dárúkọ òru tí ó wà láàárín ọjọ́ méjì

mọ́jú (ọ̀rọ̀ ìṣe): láti inú òru títí ilẹ̀ fi mọ́. Mọ́júmọ́ ni àwọn mìíràn ń pè é. "Mọ́" tí ó wà nínú "ilẹ̀ mọ́" àti "ojúmọ́" náà ni ó wà nínú rẹ̀.

Ní ìlú bí Èkó, iṣẹ́ kì í parí nígbà tí oòrùn bá wọ̀. Nọ́ọ̀sì wà lẹ́nu iṣẹ́ lóru, ọlọ́dẹ ń ṣọ́ ilé, àwọn tí ń ṣe búrẹ́dì ń dáná kí búrẹ́dì gbígbóná lè dé ọjà ní ìdájí. Ó yẹ kí gbogbo wọn lè sọ òru tí wọ́n ní lọ́kàn láìsí àṣìgbọ́.

Kàlẹ́ńdà ń pààrọ̀ ọjọ́ ní aago méjìlá òru. Nínú ọ̀rọ̀ ẹnu Yorùbá, ó di ìgbà tí ilẹ̀ bá mọ́ kí ọ̀pọ̀ ènìyàn tó ka ọjọ́ tuntun. Bí ìwé ìrìn-àjò bá sọ pé ọkọ̀ òfuurufú yóò gbéra ní 00:30, Ọjọ́ Ẹtì, tí ògbufọ̀ sì kọ "aago méjìlá ààbọ̀ òru Ọjọ́ Ẹtì", òǹkàwé lè jẹun alẹ́ Ẹtì tán kí ó tó gba pápákọ̀ òfuurufú lọ. Ọkọ̀ yóò ti lọ láti òru àná.

Àpẹẹrẹ ìlò:
• Òru Ọjọ́bọ̀ mọ́jú Ọjọ́ Ẹtì ni ọkọ̀ náà yóò gbéra.
• Iṣẹ́ alẹ́ Àìkú mọ́jú Ajé ni ó kàn mí.
• Òjò rọ̀ mọ́jú.

Àkíyèsí: Ọjọ́ tí òru náà ti bẹ̀rẹ̀ ni a kọ́kọ́ ń dárúkọ, èyí tí ilẹ̀ rẹ̀ yóò mọ́ ni ó ń tẹ̀ lé mọ́jú. Bí ó bá ti di ìdájí, orúkọ ọjọ́ kan tó: "aago márùn-ún ìdájí Ọjọ́ Ẹtì". Àwọn Mùsùlùmí a máa ka ọjọ́ láti ìgbà tí oòrùn bá wọ̀. Nítorí náà, "òru Jímọ̀" lẹ́nu wọn lè jẹ́ òru Ọjọ́bọ̀ mọ́jú Ẹtì. Bí ó bá rú ògbufọ̀ lójú, kí ó dárúkọ ọjọ́ méjèèjì.