Àláàtì Kì í Ṣe Owó

Ó lè ya àwọn kan nínú yín lẹ́nu pé olùkọ́ èdè ni wọ́n pè sórí ètò yìí láti wá ṣàlàyé owó tí ń gba inú fóònù kọjá. Ẹ fara balẹ̀ gbọ́ mi. Ọ̀rọ̀ báǹkì ni lóòótọ́, ṣùgbọ́n ibi tí ó ti ń pa ọlọ́jà kéékèèké lára jù lọ, ọ̀rọ̀ èdè ni.

Ní Ìṣẹ́yìn, ìlú tí a mọ̀ mọ aṣọ òfì láti ayébáyé, mo ní àbúrò ìyá mi kan tí wọ́n ń ta òwú fún àwọn ahunṣọ. Ìyá Kékeré ni gbogbo wa ń pè wọ́n. Wọn kò kàwé, ṣùgbọ́n n kò tíì rí ẹni tí ó lè rẹ́ wọn jẹ nínú ìṣirò. Ní oṣù kejì ọdún 2023, oníbàárà kan tí wọn kò mọ̀ rí wá ra òwú tí owó rẹ̀ jẹ́ ₦35,000. Ó tẹ fóònù rẹ̀ títí, ó ní òun ti san án, ó sì na fóònù náà sí wọn kí wọ́n wò ó. Kò pẹ́ ni fóònù ti Ìyá Kékeré náà dún. Wọ́n gbé òwú fún un, wọ́n tilẹ̀ fi èènì lé e. Ní ọ̀sán, nígbà tí ọmọọmọ wọn ti ilé-ìwé dé, ó ka ohun tí ó wọlé. Ilé-iṣẹ́ tẹlifóònù ni ó ń rán wọn létí pé wọ́n yá káàdì ìpè, wọn kò tíì san án.

Ẹ̀yin náà kò ní gbàgbé bí ọdún náà ti rí. Ní ọjọ́ 26 oṣù kẹwàá ọdún 2022 ni Báǹkì Àpapọ̀ ilẹ̀ wa kéde pé òun yóò pààrọ̀ owó ₦200, ₦500 àti ₦1,000. Wọ́n fi gbèdéke sí ọjọ́ 31 oṣù kìíní ọdún 2023, wọ́n tún sún un sí ọjọ́ 10 oṣù kejì. Owó àtijọ́ wọlé, owó tuntun kò jáde tó. Ó di ọjọ́ 3 oṣù kẹta kí Ilé-ẹjọ́ Gíga Jù Lọ tó dájọ́ pé kí a máa ná owó àtijọ́ títí di òpin ọdún náà. Láàárín àkókò yẹn, ọlọ́jà tí kò bá gba owó orí fóònù, yóò kàn jókòó ti ọjà rẹ̀ ni. Ìgbà tí owó bébà sì padà dé, àṣà tuntun náà kò lọ mọ́. Ní oṣù kejìlá ọdún 2024 pàápàá, Báǹkì Àpapọ̀ pàṣẹ pé oníbàárà kan kò gbọdọ̀ gbà ju ₦100,000 lọ lójúmọ́ lọ́wọ́ àwọn oní-POS.

Ẹ jẹ́ kí n wá ṣàlàyé bí owó yìí ṣe ń rìn. Bí oníbàárà bá tẹ fóònù, báǹkì rẹ̀ yóò yọ owó náà kúrò nínú àkáǹtì rẹ̀, yóò sì fi iṣẹ́ rán ilé-iṣẹ́ alárinà kan tí Báǹkì Àpapọ̀ àti àwọn báǹkì yòókù jọ ni ín. NIBSS ni a ń pè é ní ìkékúrú. Láti ọdún 2011 ni ó ti ń ṣe irú ìfowóránṣẹ́ ojú-ẹsẹ̀ yìí. Alárinà yìí yóò kan sí báǹkì ọlọ́jà, báǹkì ọlọ́jà yóò dáhùn, yóò sì kọ owó náà mọ́ ti ọlọ́jà. Lẹ́yìn èyí ni yóò ṣẹ̀ṣẹ̀ wá bẹ ilé-iṣẹ́ tẹlifóònù lọ́wẹ̀ pé kí ó bá òun fi ọ̀rọ̀ ṣókí ránṣẹ́ sí ẹni tí ó ni owó. Ọ̀rọ̀ ṣókí yìí ni aráyé ń pè ní àláàtì.

Ẹ ṣàkíyèsí rẹ̀ dáadáa: owó gba ọ̀nà kan, ìròyìn owó gba ọ̀nà mìíràn. Nítorí náà, owó lè ti jókòó sínú àkáǹtì kí àláàtì má tíì dé. Àláàtì sì lè dé kí owó má dé láéláé, nítorí pé ẹni tí ó bá mọ ọgbọ́n ẹ̀tàn lè kọ ọ̀rọ̀ tí ó jọ ti báǹkì ránṣẹ́. Èyí tí oníbàárà ń fi hàn lójú fóònù tirẹ̀ kò tilẹ̀ ní ẹ̀rí kankan nínú. Àwòrán ni. Ìgbà mìíràn sì wà tí báǹkì ti yọ owó lọ́wọ́ oníbàárà, tí ó há sójú ọ̀nà. Oníbàárà kò purọ́, ọlọ́jà kò ṣe agídí, síbẹ̀ wọn yóò máa pe ara wọn ní olè láàárín ọjà. Irú ìjà bẹ́ẹ̀ pọ̀ jọjọ ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2023.

Àwọn baba ńlá wa mọ bí a ti ń tajà láìsí ọlọ́jà nídìí rẹ̀. Àgbẹ̀ yóò pàtẹ iṣu sí ẹ̀bá ọ̀nà, yóò kó òkúta wẹ́wẹ́ tì í láti fi iye owó rẹ̀ hàn. Ẹni tí ó bá fẹ́ rà á yóò ka òkúta náà, yóò fi owó ẹyọ sílẹ̀, yóò gbé iṣu lọ. A máa ń fi èyí yin òtítọ́ àwọn ará àtijọ́, ó sì yẹ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ohun kan wà níbẹ̀ tí a kì í sábà mẹ́nu bà: àmì náà yé ẹni tí ń tà, ó sì yé ẹni tí ń rà. Kò sí èyí tí ó ní láti lọ sí ilé-ìwé kí ó tó lè kà á.

Ẹ wá wo àláàtì. Bí owó bá wọlé, wọn yóò kọ “Cr”. Bí owó bá jáde, wọn yóò kọ “Dr”. Lẹ́tà kan ṣoṣo ni ó wà láàárín èrè àti àdánù, lẹ́tà C yìí kò sì sí nínú álífábẹ́ẹ̀tì Yorùbá rárá. Ìyá tí ń ta èlùbọ́ ní Ṣakí, tí ó lè fi orí ṣírò náírà àti sefá papọ̀ fún àwọn oníbàárà tí ó ti orílẹ̀-èdè Benin wá, di òpè níwájú ọ̀rọ̀ tí kò gùn ju ìka lọ.

Wọ́n ní kí ọlọ́jà máa tẹ nọ́ńbà báǹkì rẹ̀ láti wo iye tí ó kù nínú àkáǹtì. Ìmọ̀ràn rere ni, fóònù kékeré sì lè ṣe é láìsí íntánẹ́ẹ̀tì. Ṣùgbọ́n ní oṣù kẹfà ọdún 2025 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí yọ owó rẹ̀ láti inú káàdì ìpè, ₦6.98 fún ìṣẹ́jú méjì. Ẹni tí ó bá yẹ̀ ẹ́ wò ní ogún ìgbà, ₦139.60 ti lọ. Èyí kéré sí wàhálà kejì: Gẹ̀ẹ́sì ni ọ̀pọ̀ ìbéèrè ibẹ̀. Ẹni tí kò lè kà á yóò fi nọ́ńbà àṣírí rẹ̀ lé ọmọdé tàbí aládùúgbò lọ́wọ́, nọ́ńbà náà kò sì ní àṣírí nínú mọ́.

Kì í ṣe pé kò sí ọ̀nà. Ní Kẹ́ńyà, M-Pesa tí ó bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 2007 ń lo èdè Swahili. Ní Íńdíà, ilé-iṣẹ́ Paytm ní àpótí kékeré kan tí ọlọ́jà ń gbé sórí àtẹ. Bí owó bá wọlé, àpótí náà yóò ké iye rẹ̀ sókè ní èdè Hindi, Tamil, Bengali tàbí òmíràn. Ọ̀dọ̀ ilé-iṣẹ́ tí ó gba owó ni ó ti ń gbọ́ ọ̀rọ̀, kì í ṣe lọ́dọ̀ oníbàárà. Irú èyí ni mo fẹ́ fún Òkè-Ògùn. Ohùn ni mo sọ, n kò sọ ìwé, nítorí mo mọ̀ pé bí wọ́n bá kọ Yorùbá sínú fóònù, wọn kò ní fi àmì ohùn sí i, a kò sì ní mọ owó yàtọ̀ sí òwò.

Ibi tí iṣẹ́ ti kan àwa olùkọ́ nìyí. Ní ọdún 1984 ni a tẹ ìwé èdè-ìperí Yorùbá tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Ayọ̀ Bámgbóṣé ṣe olóòtú rẹ̀, fún ẹ̀kọ́ èdè àti lítíréṣọ̀. Ọ̀rọ̀ ọjà náà ń fẹ́ irú akitiyan bẹ́ẹ̀. Àmọ́ ṣá o, kí á má lọ kọ́ ẹ̀rọ náà láti ké “ọ̀kẹ́ méjì ó dín ẹgbẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n” fún ₦35,000, bí ó tilẹ̀ dùn létí àwa olùkọ́. “Ẹgbẹ̀rún márùndínlógójì” ni ọjà ń sọ.

Ìyá Kékeré kò dúró dè wá. Láti ọdún náà, òwú kì í kúrò lórí àtẹ wọn títí ọmọọmọ wọn yóò fi yẹ àkáǹtì wò. Àláàtì lásán ni wọ́n ń pè ní “owó ojú ọ̀nà”; èyí tí ó bá ti wọlé lóòótọ́, “owó tí ó ti jókòó” ni wọ́n ń pè é. Mo ti kọ méjèèjì sínú ìwé mi.